Ìsìnkú Èédú

Oyè ọkùnrin náà gùn débi pé ẹni tó bá bẹ̀rẹ̀ sí í pè é lásìkò oúnjẹ àárọ̀, oúnjẹ ọ̀sán ni yóò bá a lẹ́nu. Olùdarí Àgbà fún Ọ̀rọ̀ Ilẹ̀, Igbó, Odò, Afẹ́fẹ́ àti Ohun Gbogbo Tó Bá Fara Jọ Ọ́. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n kọ ọ́ sára ilẹ̀kùn ọ́fíìsì rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n kọ ọ́ sára mọ́tò rẹ̀, títí kan ife tó fi ń mu tíì. Àyè ò gba oyè náà tán lára ife. Ẹni tó ń kọ ọ́ dúró síbi tí ọwọ́ rẹ̀ dé, ó kọ "Afẹ́", ó sì fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Kò mọ̀ pé òun ti sọ òótọ́ tó ju gbogbo ìyókù lọ.

Àwọn ará ìlú ò ráyè irú oyè bẹ́ẹ̀. Ìdí rẹ̀ ni wọ́n gé mú, wọ́n sọ ọkùnrin náà ní Ohun-Gbogbo.

Ẹnì kan ṣoṣo ni kì í fi èyíkéyìí nínú orúkọ wọ̀nyí pè é. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin ni, aránṣọ, tí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ wà ní ẹsẹ̀ òkè níbi tí ọ̀dà títì ti parí. "Ìwọ ọmọ yìí" lòun ń pè é. Òun ló pọ̀n ọ́n dàgbà, ó sì ti mọ àìsàn tó ń ṣe é láti kékeré: ọmọ náà kì í béèrè ọ̀rọ̀. Bó bá ṣìnà, á máa rìn lọ ni, á ní ilé ló ṣìnà.

Lẹ́yìn ṣọ́ọ̀bù aránṣọ yìí ni igbó bàbá wọn ti bẹ̀rẹ̀, tó gun òkè lọ. Bàbá wọn ò ní ilé alájà, kò ní mọ́tò. Igbó yìí ló fi sílẹ̀, ó sì fi ọ̀rọ̀ kan tì í: ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fi àáké kàn án àfi bí ẹnu gbogbo ọmọ òun bá kò, kí ti àkọ́bí sì kẹ́yìn. Àkọ́bí ni aránṣọ. Ìsun kan wà nínú igbó náà tí gbogbo ẹsẹ̀ òkè ń pọn, tí kì í gbẹ, bí ọ̀gbẹlẹ̀ ti wù kó le tó.

Ní ọdún tí à ń wí yìí, òjò ti ya aláìgbọràn. Nígbà tó yẹ kó rọ̀, kò wá. Nígbà tí a ní ó ti lọ, ó dé bí àna tó gbé ẹrù rẹ̀ wá. Ni ìjọba bá kó àwọn olùdarí jọ sí hòtẹ́ẹ̀lì ńlá kan láti kọ́ wọn ní ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí ayé. Ohun-Gbogbo lọ. Iwájú ló jókòó sí, ó sì sùn bí àwọn tó ń jókòó síwájú ṣe máa ń sùn, ojú lílà sílẹ̀ kedere. Ìgbà tó jí, gbólóhùn tó gbẹ̀yìn ló bá pàdé: "Iṣẹ́ yín ni kí ẹ rí i pé kábọ́ọ̀nù wà nínú ilẹ̀, kó má bọ́ sókè." Àwọn ènìyàn pàtẹ́wọ́. Tirẹ̀ ló dún jù.

Ní Mọ́ńdè, ó pe ìpàdé. Aránṣọ wà níbẹ̀, nítorí ó fẹ́ rán kóòtù funfun kan fún un, ọ̀gá ò sì ráyè wá sí ṣọ́ọ̀bù. Bó ṣe ń fi téèpù wọn apá, bẹ́ẹ̀ ni apá náà ń tukọ̀ lókè, tó ń bá àwọn òṣìṣẹ́ sọ̀rọ̀.

"Kábọ́ọ̀nù," ni Ohun-Gbogbo wí, "kábọ́ọ̀nù ti jáde, ó ń rìn kiri bí ẹni tí kò ní òbí. Èmi ni òbí rẹ̀ báyìí. Mo ní kó wọlẹ̀."

"Ó ti wọlẹ̀, sà," ni igbákejì rẹ̀ wí. Ọkùnrin yìí kò sọ ju "bẹ́ẹ̀ ni, sà" lọ láti ọjọ́ tó ti dé ọ́fíìsì, Bẹ́ẹ̀-ni-Sà náà ni wọ́n sì ń pè é. Torí àtiyin ọ̀gá ló fi mú un gùn díẹ̀ lónìí.

Akọ̀wé àgbà, tó ti tẹ̀wé láti ayé tàpíráítà, dìde jẹ́jẹ́. Ó padà wọlé pẹ̀lú páálí kan tó kún fún bébà dúdú, èyí tí wọ́n máa ń tẹ́ sáàárín ìwé méjì kí ọ̀rọ̀ lè mú ẹ̀dà.

"Gbogbo kábọ́ọ̀nù tó kù nínú sítọ̀ nìyí, sà. Ṣé ká sin ín ni?"

Ohun-Gbogbo rẹ́rìn-ín títí téèpù fi bọ́ lọ́wọ́ ẹ̀gbọ́n rẹ̀. "Ẹ wo ẹni tí ìjọba ń bọ́. Bàbá, bébà nìyẹn. Èmi kọ́ kẹ́mísírì. Tíṣà wa gbé èédú sókè ní kíláàsì, ó ní, kábọ́ọ̀nù rèé. Èédú ni kábọ́ọ̀nù. Kábọ́ọ̀nù ni èédú. A ó sin èédú."

Ẹ̀yin tó ń kà mí, ẹ má tíì rẹ́rìn-ín. Tíṣà náà kò purọ́. Odindi irọ́ kì í pẹ́ tú. Ìlàjì òótọ́ ló ń ba ìlú jẹ́.

"Ìwọ ọmọ yìí," ni aránṣọ wí, láìgbójú sókè, "o bi àwọn tó rán ọ bóyá ohun tí wọ́n ní lọ́kàn nìyẹn?"

"Ẹ̀gbọ́n mi, olùdarí kì í béèrè. Olùdarí ni wọ́n ń bi."

"Ó dáa. Fa ikùn sínú."

"Mo ti fà á."

"Ó yé mi. Aṣọ la ó fi kún."

Bí wọ́n ṣe bẹ̀rẹ̀ nìyẹn. Ṣùgbọ́n èédú tó wà nílùú kò tó sin. Èyí tí àwọn àgbẹ̀dẹ àti àwọn tó ń dáná rí lò, wọ́n gbà á lọ́wọ́ wọn, kò kún kòtò kan. Ohun-Gbogbo wá ronú. Ẹ ṣọ́ra bí irú wọn bá ń ronú. Ó ní, "Níbo ni èédú ti ń wá? Igi. Ẹ gé igi." Wọ́n gé igbó ẹ̀yìn ọsibítù. Wọ́n gé ti ẹ̀yìn ilé-ìwé. Wọ́n gé èyí tó gba ẹsẹ̀ odò lọ. Wọ́n sun ún di èédú, wọ́n gbẹ́ kòtò, wọ́n kó o sí i. Lórí kòtò kọ̀ọ̀kan ni wọ́n ri pátákó funfun mọ́: Níhìn-ín ni kábọ́ọ̀nù ń sùn. Kó má jí.

Ọjọ́ tí wọ́n sin àkọ́kọ́, wọ́n gbé àpò èédú náà sórí bẹ́ẹ̀dì olókùn tí wọ́n fi ń gbé aláìsàn, èjìká mẹ́rin sì wà lábẹ́ rẹ̀. Ohun-Gbogbo dúró sí ẹnu kòtò.

"Ẹ̀yin ènìyàn mi," ni ó wí, "ẹ̀yin igi tó ti wólẹ̀ nítorí wa, àti ẹ̀yin tí yóò wó lọ́la. Ooru ti fi ayé ṣe ilé. Lónìí mo pè é lórúkọ, mo ní, Ooru, jáde. Mo ti bá ilẹ̀ sọ̀rọ̀, ilẹ̀ ti gbà. Mo ti bá afẹ́fẹ́ sọ̀rọ̀, ó lóun ń bọ̀. Oòrùn nìkan ló kù. Bí kò bá gbọ́, a ó kọ̀wé sí i."

"Ó ti ń tutù, sà," ni Bẹ́ẹ̀-ni-Sà wí, ó ń nu òógùn.

Èéfín ibi tí wọ́n ti ń sun igi bò wọ́n mọ́lẹ̀. Ayàwòrán ní láti pariwo pé kí ọ̀gá jọ̀ọ́ wúkọ́ díẹ̀ kí òun lè mọ ibi tó wà. Ohun tí wọ́n ní kó wọlẹ̀ ń gòkè lọ lójú gbogbo wọn, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún un.

Nígbà tí òjò dé, òkè ẹ̀yìn ọsibítù kò ní ohun tí yóò dì mú mọ́. Ó yọ́ wọ inú wọ́ọ̀dù. Àwọn nọ́ọ̀sì ń fa bẹ́ẹ̀dì jáde, ẹrẹ̀ ń lé wọn bọ̀. Ohun-Gbogbo wọ bàtà òjò, ó wá wo ẹrẹ̀ náà, ó gbọn orí, ó sì ṣàlàyé fún àwọn oníròyìn pé ilẹ̀ ti jẹ kábọ́ọ̀nù yó ni, ó kàn ń bì díẹ̀.

Ẹnikẹ́ni ò rẹ́rìn-ín. Ẹ ó rí i pé ohun tí ìbẹ̀rù ń ṣe fún ènìyàn nìyẹn: á jẹ́ kí ọ̀rọ̀ ẹ̀rín dà bí ìwàásù.

Ìròyìn wá dé láti ọ̀dọ̀ ìjọba pé àlejò ń bọ̀ wá wo iṣẹ́ olùdarí kọ̀ọ̀kan, pé ẹni tó bá yọrí jù ni wọn ó gbé lọ sí olú ìlú. Oorun dá lójú Ohun-Gbogbo. Ó fẹ́ sin òkìtì èédú kan tí ẹnikẹ́ni ò sin irú rẹ̀ rí. Igi ti tán. Ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, igbó bàbá rẹ̀ nìkan ló dúró, tutù, ó ń wò ó.

Àwọn àbúrò rẹ̀ kò ṣòroó bá sọ̀rọ̀. Ó sọ ọ̀kan di Olùdarí Kòtò, ó sọ èkejì di Alábòójútó Ṣọ́bìrì, ẹnu wọn sì kò. Ó ku àkọ́bí. Ó rán Bẹ́ẹ̀-ni-Sà àti akọ̀wé àgbà sí i.

"Ìyá wa, ìyá ìjọba," ni Bẹ́ẹ̀-ni-Sà wí, ó tẹ̀ títí orí rẹ̀ fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan maṣíìnì. "Ọ̀gá ní ká kí yín."

"Ìkíni yìí mà wúwo o, ó gba ẹni méjì. Kí ló fẹ́?"

"Igbó yẹn ni, mà. Ẹ kàn fẹnu sọ pé ẹ gbà. A máa kọ orúkọ yín sórí ibojì èédú tó tóbi jù."

"Orúkọ mi. Lórí ibojì. Mo sì ń mí."

"Iyì ni, mà."

"Kọ ti ìyá tìrẹ síbẹ̀ ná, ká wo bí iyì náà ṣe rí."

Akọ̀wé àgbà wúkọ́ kó má baà rẹ́rìn-ín. Wọ́n lọ.

Ohun-Gbogbo wá fúnra rẹ̀. Kò jókòó, nítorí àga kan ṣoṣo tó wà ní ṣọ́ọ̀bù ti rí àwọn oníbàárà gbogbo, kò sì wu ìdí olùdarí.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀ ń dí mi lọ́nà."

"Mo jókòó jẹ́jẹ́ mi. Ibo lò ń lọ tó jẹ́ pé inú igbó bàbá rẹ ló gbà kọjá?"

"Olú ìlú. Gbogbo àwọn àbúrò wa ti gbà. Ẹnu kò."

"Ẹnu á kò nígbà tó o ti fi oúnjẹ dí i."

Ó yí ohùn padà. "Ìjọba lè gba ilẹ̀ o. Wọ́n lè bẹ̀rẹ̀ láti ara ṣọ́ọ̀bù yìí. Iṣẹ́ ìjọba kì í mọ ẹ̀gbọ́n."

Ẹsẹ̀ aránṣọ dúró lórí maṣíìnì. Ẹ jẹ́ kí n sọ òótọ́ fún yín, ọ̀rọ̀ náà wọ̀ ọ́ lára. Ó wo ẹnu tó sọ ọ́, ó rántí bí ẹnu náà ṣe bó nígbà tí ibà mú un ní ọmọ ọwọ́, tí ìyá wọn ò sí nílé, tí òun fúnra òun jẹ́ ọmọdé tó gbé e lẹ́yìn wọ igbó yẹn, tó ń fi omi ìsun nù ún lára títí ara rẹ̀ fi rọlẹ̀. Bí igbó náà bá lọ, ìsun á lọ, ilẹ̀ òkè á sì wá bá gbogbo wọn lábẹ́ òrùlé bó ṣe bá àwọn aláìsàn.

"Ó dáa," ló wí. "Lọ gé e."

Ojú Ohun-Gbogbo là. "Ẹ gbà?"

"Ìwọ ni mo ní kó o lọ gé e. Gbé àáké. Èmi ó máa wò ọ́."

Ọkùnrin náà wo ọwọ́ ara rẹ̀, èyí tí kò gbé ohun tó wúwo ju ife lọ láti ọjọ́ pípẹ́. Ó bọ́ sínú mọ́tò. Ó ní òun ó rán àwọn tó mọ̀ ọ́n gé.

Àárọ̀ ọjọ́ tí àlejò ń bọ̀ ni àwọn agégi dé. Wọ́n bá aránṣọ ní ẹnu ọ̀nà igbó, òun àti maṣíìnì rẹ̀ àti agbọ̀n òwú, ó tẹ́ iṣẹ́ rẹ̀ dí ojú ọ̀nà pátápátá.

"Ẹ kú iṣẹ́, mà," ni olórí wọn wí, àáké lé èjìká. "Ọ̀gá ní ká kọjá."

"Ẹ máa kọjá. Ẹ ṣọ́ abẹ́rẹ́."

Wọ́n dúró. Kò sí ẹni tí kò wọ yunifọ́ọ̀mù tó ti ọwọ́ obìnrin yìí jáde rí nínú wọn. Àgbà obìnrin kì í ṣe ohun tí ènìyàn ń gbé jù sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan.

"Ṣòkòtò rẹ ti ya nídìí," ló wí fún olórí wọn. "Ṣé bẹ́ẹ̀ lo ṣe fẹ́ pàdé àlejò ìjọba? Bọ́ ọ wá."

"Mà?"

"Ró àpò èédú tẹ́ ẹ gbé wá yẹn mọ́dìí. Ta ni tirẹ̀ tún ya?"

Ẹ̀yin ènìyàn mi, ṣòkòtò agégi wo ni kò ya? Kí oòrùn tó gòkè, gbogbo wọn ti jókòó sábẹ́ igi tí wọ́n wá gé, àpò èédú mọ́dìí, wọ́n ń dúró de ìdí ṣòkòtò. Obìnrin náà kò sì kánjú. Ó ń tú èyí tó ti rán, ó ní kò tọ́ lójú òun. Ẹni tó ró àpò mọ́dìí kò lè ju àáké dáadáa. Ọwọ́ kan gbọ́dọ̀ di àpò mú.

Ọ̀kan nínú wọn ní rédíò kékeré. Orí rẹ̀ ni wọ́n ti gbọ́ bí àlejò ṣe dé sí pápá ibojì èédú. Olórí àlejò náà, obìnrin kan tí ohùn rẹ̀ ò ga, ń ka pátákó ní ohùn jẹ́jẹ́.

"Kí ló wà lábẹ́ ibí yìí?"

"Kábọ́ọ̀nù, mà." Ohùn Ohun-Gbogbo kún rédíò. "Èédú ògidì. A sin ín tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀."

"Níbo lẹ ti rí èédú tó pọ̀ tó báyìí?"

"Ara igi, mà. Gbogbo igi tí ẹ ò rí lórí àwọn òkè yẹn."

"Kò ku ẹyọ kan, mà," ni Bẹ́ẹ̀-ni-Sà fi kún un.

"Ẹyọ kan ò kù?" Ohùn àlejò ti wálẹ̀ gan-an. "Ṣé ó dá yín lójú?"

Níbi tí ẹnikẹ́ni ti lè gbọ́ ìbànújẹ́ nínú ìbéèrè yìí, ẹ̀sùn ni Ohun-Gbogbo gbọ́. Ó rò pé wọ́n ti fẹjọ́ òun sùn. Ó tú ọkàn rẹ̀ jáde.

"Mi ò ní purọ́ fún yín, mà. Igbó kan kù. Ìtìjú ìdílé mi ni. Igbó bàbá mi ni, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin kan tí kò mọ ìlọsíwájú ló dì í mú. Mo ti bẹ̀ ẹ́, mo ti halẹ̀ mọ́ ọn. Mo ti rán àwọn agégi lọ láàárọ̀ yìí. Tí ẹ bá fi máa jẹun tán, èédú ni."

Àwọn agégi kò wo ojú aránṣọ. Ó já òwú, ó tún un fi sójú abẹ́rẹ́.

"Ẹ mú mi lọ síbẹ̀," ni àlejò wí lórí rédíò. "Kíákíá."

Ohun-Gbogbo ló kọ́kọ́ bọ́ sílẹ̀ nínú mọ́tò, kóòtù funfun rẹ̀ ti gba ọwọ́ èédú níbi márùn-ún, inú rẹ̀ ń dùn pé àlejò fẹ́ fojú ara rẹ̀ rí i bí igi ṣe ń wó. Ohun tó bá ni àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ nínú àpò. Kó tó lanu, olórí àlejò ti bá a kọjá. Ó kí aránṣọ, ó tọrọ ọ̀nà, aránṣọ sì sún maṣíìnì fún un. Ó wọ abẹ́ òjìji lọ. Ó bẹ̀rẹ̀, ó fi ọwọ́ wa ewé jíjẹrà sókè, ó bu erùpẹ̀ dúdú tó tutù sọ́wọ́, ó wò ó. Ìgbà tó padà jáde, ojú rẹ̀ ti pọ́n.

"Ibí ni kábọ́ọ̀nù wà, ọ̀gá. Inú igi, inú gbòǹgbò, inú ilẹ̀ yìí. Ibí ló máa ń wà. Ẹ gé ilé rẹ̀, ẹ fi iná sí i, èyí tó pọ̀ jù bá èéfín lọ sókè, ẹ wá ń ṣe òkú ìyókù."

Ẹ máa wo ọkùnrin náà dáadáa, nítorí irú ìyípadà yìí ṣọ̀wọ́n. Kò gbà ju ìṣẹ́jú àáyá kan lọ.

"Ohun tí mò ń wí látàárọ̀ nìyẹn," ni Ohun-Gbogbo wí. "Èmi ni mo ní kí ẹ̀gbọ́n mi jókòó síbí. Ètò mi ni. Ògo ìdílé mi ni igbó yìí."

"Ètò wọn ni, mà," ni Bẹ́ẹ̀-ni-Sà wí.

Àwọn ará rédíò fẹ́ràn ọ̀rọ̀ àárọ̀ náà. Wọ́n ń tún un gbé jáde nínú ìròyìn. Láti abẹ́ igi, ohùn Ohun-Gbogbo dìde, ó ń dún gbọnmọgbọnmọ: "Ìtìjú ìdílé mi ni." Agégi tó ni rédíò sáré láti pa á. Àpò já lọ́wọ́ rẹ̀. Ó ní láti yan èyí tí yóò dì mú, ó sì yan àpò.

Rédíò sọ gbogbo rẹ̀ tán, títí dé "mo ti halẹ̀ mọ́ ọn".

Wọ́n yọ ọ́ nípò. Ẹni tí wọ́n ní kó fá oyè rẹ̀ kúrò lára ilẹ̀kùn ló jìyà jù nínú ọ̀ràn náà. Bẹ́ẹ̀-ni-Sà ti wà lẹ́nu ọ̀nà, ó ń sọ "bẹ́ẹ̀ ni, sà" fún ẹni tuntun kí ẹni tuntun tó jókòó. Olùdarí Kòtò àti Alábòójútó Ṣọ́bìrì wá sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n wọn, wọ́n búra pé àwọn ò lanu rí. Aránṣọ ní òun gbà bẹ́ẹ̀, pé wọ́n ń jẹun ni.

Ìgbà tó yá, Ohun-Gbogbo fẹsẹ̀ rìn wá. Àwọn agégi wà nínú igbó, olùdarí tuntun ti ní kí wọ́n hú àwọn ọmọ igi tó hù lábẹ́ àwọn àgbà igi, kí wọ́n lọ gbìn wọ́n sí òkè ọsibítù kí òjò tó tún dé. Wọ́n rí i, wọ́n wo ara wọn, ọ̀kan ní, "Ọ̀gá, ṣé ẹ wá kọ̀wé sí oòrùn?" Ó dé iwájú maṣíìnì, ó dúró.

"Ẹ kú iṣẹ́, ẹ̀gbọ́n mi."

"Àga wà níbẹ̀."

Ó jókòó lórí àga tí gbogbo oníbàárà ti jókòó sí. Omi ìsun ń dún nínú igbó, ó ń lọ sílé àwọn ẹlòmíràn. Aránṣọ ń rán aṣọ rẹ̀, kò lé e, kò sì kí i ju bẹ́ẹ̀ lọ.

"Ẹ̀gbọ́n mi."

"Hẹn."

"Kí ni kábọ́ọ̀nù gan-an?"

Ẹsẹ̀ aránṣọ tún dúró lórí maṣíìnì. Láti ọjọ́ tó ti pọ̀n ọ́n, kò gbọ́ kó béèrè nǹkan rí. Ó yọ awò ojú rẹ̀, ó wò ó dáadáa.

"Èmi náà ò mọ̀," ló wí. "Ìdí ẹ̀ nìyẹn tí mi ò fi fọwọ́ kan nǹkan kan."